Sinimá Tí Ìjọba Faransé Dè

Ọ̀rọ̀ yìí kan ẹ̀yin olùkọ́. Ní 1949, Ligue de l'Enseignement rán René Vautier, ọmọ Faransé ẹni ọdún 21, wá sí Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà, kí ó ya sinimá ìgbésí-ayé ará abúlé fún àwọn ọmọ ilé-ìwé wọn. Ní Palaka, ní àríwá Diabo àti Bouaké, ahoro ni ó bá: ọmọ-ogun ìjọba ti run abúlé náà nítorí owó-orí. Ó yà á.

Òfin 1934 kò gbà kí ẹnikẹ́ni ya sinimá níbẹ̀ láìgbàṣẹ. Wọ́n gbẹ́sẹ̀ lé púpọ̀ nínú àwòrán rẹ̀, wọ́n sì jù ú sẹ́wọ̀n. Ìyókù ni Afrique 50, ìṣẹ́jú 17 péré. Kí ni ìjọba oníbọn rí tí ó fi ń sá fún un? Ó lé ní 40 ọdún tí wọ́n fi dè é. Àwọn ọmọ tí a tìtorí wọn rán Vautier ti tó ẹni tí ń gbé ọmọ-ọmọ jó.