Orin Tí Wọ́n Fi Dí Àlàfo Ló Gbé Black Sabbath Dókè

Iṣẹ́ ti fẹ́rẹ̀ẹ́ parí lórí àwo orin kejì tí ẹgbẹ́ olórin Black Sabbath fẹ́ gbé jáde, ni Rodger Bain tó ń darí ìgbàsílẹ̀ bá ṣàkíyèsí pé orin tó wà nílẹ̀ kò tíì kún àwo. Ó ní kí wọ́n wá ọ̀kan sí i, ìbáà ṣe kékeré. Tony Iommi gbé gìtá, ó fa ohùn kan tó ń sáré yọ. Geezer Butler kọ ọ̀rọ̀ sí i wàràwàrà, Ozzy Osbourne sì ń wo ìwé bó ṣe ń kọ ọ́ lórin. Kò pẹ́ tí orin fi délẹ̀. Kò tó ìṣẹ́jú mẹ́ta. “Paranoid” ni wọ́n pè é.

Orúkọ tí ẹgbẹ́ náà fẹ́ sọ àwo ọ̀hún tẹ́lẹ̀ ni “War Pigs”, ìyẹn orin tó bẹnu àtẹ́ lu àwọn aláṣẹ tó ń rán ọmọ ọlọ́mọ lọ sójú ogun, tí àwọn fúnra wọn jókòó sílé. Ọdún 1970 ni, ogun Vietnam sì ń gbóná lọ́wọ́. Ilé iṣẹ́ tó fẹ́ ta àwo náà kò gbà; orin àfidílàfo ni wọ́n fi sọ ọ́ lórúkọ. Àmọ́ fọ́tò èèpo àwo ti wà nílẹ̀ ní tirẹ̀: ọkùnrin kan tó mú idà àti apata lọ́wọ́, tó ń yọ bọ̀ láti inú òkùnkùn. Ẹni tó bá ń wá ohun tó pa fọ́tò yẹn àti “Paranoid” pọ̀ kò ní rí i.

Aston, ní ìlú Birmingham, ni àwọn mẹ́rẹ̀ẹ̀rin tó wà nínú ẹgbẹ́ náà ti dàgbà, Iommi, Butler, Osbourne àti Bill Ward onílù. Ìlú ilé iṣẹ́ irin ni. Irin yìí náà ló ṣe Iommi léṣe. Ọmọ ọdún 17 ni, ọjọ́ tó yẹ kó fi iṣẹ́ tó ń ṣe ní ilé iṣẹ́ irin sílẹ̀ gan-an ni. Ó lọ jẹun ọ̀sán nílé, kò sì fẹ́ padà mọ́, àmọ́ ìyá rẹ̀ ní kó lọ parí iṣẹ́ òòjọ́ rẹ̀ bí ọmọlúàbí. Lọ́sàn-án ọjọ́ náà ni ẹ̀rọ kan tí kò mọ̀ lò gé ṣóńṣó ìka àárín àti ìka òrùka rẹ̀ ní ọwọ́ ọ̀tún. Ọlọ́wọ́ òsì ni Iommi, nítorí náà ọwọ́ ọ̀tún yẹn ló fi ń tẹ okùn gìtá.

Wọ́n ní kò lè ta gìtá mọ́. Ọ̀gá rẹ̀ níbi iṣẹ́ ló gbé àwo Django Reinhardt wá fún un, ọ̀gá nínú títa gìtá tí iná ti ba ìka rẹ̀ méjì jẹ́. Ni Iommi bá yọ́ ike ọṣẹ ìfọbọ́, ó fi mọ ohun tó lè dé ìka náà lórí, ó sì lẹ awọ mọ́ ọn kó má baà máa yọ̀. Ó tún wá okùn tínínrín tí kò ní máa dùn ún. Síbẹ̀, ẹ fetí sí “Iron Man” nínú àwo “Paranoid”, ẹ ó gbọ́ bí gìtá ṣe ń rìn wúwowúwo bí ẹni wọ bàtà irin.

Ọ̀pọ̀ èèyàn pe orin ẹgbẹ́ náà ní orin Sátánì. Wọn ò gbọ́ ọ̀rọ̀ inú rẹ̀ ni. “Hand of Doom” ń sọ nípa àwọn ọmọ ogun tí heroin sọ di ẹrú. “Electric Funeral” ń sọ nípa bọ́ǹbù átọ́míìkì.

Wọ́n gbé àwo náà jáde ní Bìrìtìkó ní ọjọ́ 18 oṣù Kẹsàn-án ọdún 1970, oṣù méje péré lẹ́yìn ti àkọ́kọ́. Ó gba ipò kìn-ín-ní níbẹ̀. Orin àfidílàfo sì gba ipò kẹrin láàárín àwọn orin tí wọ́n ń tà ní ẹyọ kọ̀ọ̀kan. Ọdún 2013 ni àwo wọn mìíràn tó tún gba ipò kìn-ín-ní ní Bìrìtìkó.

Ní ọjọ́ 5 oṣù Keje ọdún 2025, àwọn mẹ́rẹ̀ẹ̀rin tún pàdé ní pápá ìṣeré Villa Park, ní Aston, fún ìdágbére. Orin mẹ́rin ni wọ́n kọ. Mẹ́ta jẹ́ ti àwo kejì yìí, “Paranoid” sì ni wọ́n fi kásẹ̀ rẹ̀ nílẹ̀. Ọjọ́ 17 lẹ́yìn náà ni Osbourne kú, ní ẹni ọdún 76.