Bí Òfin Ṣe Gbà Kí Tọkọtaya Pínyà Láìjà

Ní Festac, l'Ékòó, àwọn ilé wà tí wọ́n ń se ìkòkò ọbẹ̀ méjì. Ọkọ ń sùn ní pálọ̀, ìyàwó àtàwọn ọmọ wà ní yàrá, kálukú ń ra gáàsì tirẹ̀. Ìgbéyàwó ti kú, ṣùgbọ́n owó ilé tó ti wọ́n láti Mile 2 dé Amuwo kò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni kó jáde. Ọ̀pọ̀ nínú wọn rò pé àfi kí àwọn lọ ka ẹ̀ṣẹ̀ ara àwọn níwájú adájọ́ kí wọ́n tó lè pínyà. Kò rí bẹ́ẹ̀ mọ́ láti 1970.

Ṣáájú ìgbà náà, òfin Gẹ̀ẹ́sì ni ilé ẹjọ́ wa ń tẹ̀ lé lórí ìgbéyàwó régísítìrì. Ẹni tó bá fẹ́ kọ ẹnì kejì gbọ́dọ̀ fẹ̀sùn kàn án: àgbèrè, ìwà ìkà, tàbí pé ó já òun jù sílẹ̀ fún ọdún mẹ́ta. Bí adájọ́ bá gbọ́ pé ṣe ni àwọn méjèèjì ti jọ fẹnu kò nílé, ẹjọ́ lè bàjẹ́ síbẹ̀. Àdéhùn gan-an ló di ẹ̀ṣẹ̀! Bẹ́ẹ̀ sì rèé, láàárín àwa Yorùbá, ìkọ̀sílẹ̀ kò wọ́pọ̀ láyé àtijọ́, ṣùgbọ́n bó bá dé, mọ̀lẹ́bí ni wọ́n ń jókòó yanjú rẹ̀, wọ́n á sì sọ̀rọ̀ lórí owó orí ìyàwó.

Ogun abẹ́lé parí ní oṣù kìíní 1970. Ní ọjọ́ 17 oṣù kẹta ọdún náà, òfin tuntun tí ìjọba ológun Gowon ṣe bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Wọ́n mú nínú òfin Australia ti 1959, wọ́n mú nínú èyí tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì ṣe ní 1969, síbẹ̀ tiwa ló kọ́kọ́ bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́, torí 1971 ni tàwọn Gẹ̀ẹ́sì tó bẹ̀rẹ̀.

Ìdí kan ṣoṣo ni òfin yìí mọ̀: kí ìgbéyàwó ti bàjẹ́ kọjá àtúnṣe. Ẹ̀ṣẹ̀ ṣì wà lára ohun tí wọ́n lè fi jẹ́rìí sí i, àmọ́ bí wọn ò bá ti gbé pọ̀ fún ọdún méjì gbáko, tí ẹnì kejì ò sì ta kò ó, kò sẹ́ni tó máa béèrè ẹni tó jẹ̀bi. Kódà, abẹ́ òrùlé kan náà lè gba agbo ilé méjì, bí wọn ò bá jẹun pọ̀, tí wọn ò sùn pọ̀, tẹ́nì kan ò ṣiṣẹ́ ilé fún ẹnì kan. Ẹ̀rí rẹ̀ ló le.

Ọ̀rọ̀ àwọn ọmọ kò sí lọ́wọ́ àwọn méjèèjì nìkan. Títí adájọ́ á fi rí i pé ètò tó dáa wà fún èyí tí kò tíì pé ọdún 16, ìtúká náà kò lè fìdí múlẹ̀. Ó kéré tán, oṣù mẹ́ta gbọ́dọ̀ kọjá lẹ́yìn àṣẹ àkọ́kọ́ tí adájọ́ bá pa kí ìtúká náà tó di pípé.

Ilé ló ń dá ìjà sílẹ̀ jù. Orúkọ ẹnì kan ló sábà máa ń wà lórí ìwé, obìnrin tó ra sìmẹ́ǹtì kì í sì í tọ́jú rìsíìtì. Ní 1992, ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ kọ ẹ̀bẹ̀ obìnrin kan lórí ilé torí kò lè ṣàlàyé ohun tó dá sí ilé náà. Ìdí nìyí tí mo fi gbà pé kí tọkọtaya jókòó kọ àdéhùn kó tó dẹjọ́: ta ni yóò gba ilé, ta ni yóò san owó ilé ìwé. Ọ̀fẹ́ ni Citizens' Mediation Centre ti ìjọba Èkó ń bá èèyàn yanjú irú ọ̀rọ̀ báyìí. Ilé ẹjọ́ gíga ló máa wá tú ìgbéyàwó náà ká.