Nípa Àgbàlagbà tí Ń Ṣarán, àti Oògùn tí A Fi Ń Mú Un Dákẹ́



Ìbéèrè kan wà tí àwọn ọmọ ìjọ a máa mú tọ̀ wá wá, lọ́pọ̀ ìgbà lẹ́yìn ìsìn alẹ́, nígbà tí àwọn ìyókù bá ti lọ tán. Wọn a rẹ ohùn wọn sílẹ̀, wọn a sì wí pé, "Baba, ìyá wa kò jẹ́ kí a sùn mọ́. Ó ń bú wa, ó ń lu ẹni tí ó bá fẹ́ wẹ̀ ẹ́, ó sì ń fẹ́ jáde lóru, ó ní òun ń lọ sí ilé òun. Oògùn wo ni a lè fún un kí ó lè dákẹ́?" Ìbéèrè yìí ni a fẹ́ dáhùn. Ìdáhùn wa kò sì gùn: kí a tó wá ohun tí yóò mú àgbà dákẹ́, ó yẹ kí a kọ́kọ́ wá ohun tí ó ń wí. Oògùn ní àyè tirẹ̀, ṣùgbọ́n àyè náà kéré ju bí ọ̀pọ̀ ènìyàn ti rò lọ.

Ohun tí ṣíṣarán jẹ́

Àwọn baba wa mọ̀ pé àgbà a máa ṣarán. Ohun tí wọn kò ní ọ̀nà àti mọ̀ ni pé kì í ṣe ọjọ́ orí nìkan ni ó ń fa á. Àrùn ni, inú ọpọlọ ni ó sì ń gbé. Ní ọdún 1901, a mú obìnrin kan tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Auguste Deter, ẹni ọdún 51, wá sí ilé ìwòsàn ní ìlú Frankfurt ní ilẹ̀ Jámánì. Kò lè pe orúkọ ọkọ rẹ̀ mọ́, ọkàn rẹ̀ kò balẹ̀, a sì máa kígbe. Nígbà tí ó kú ní ọdún 1906, dókítà Alois Alzheimer yẹ ọpọlọ rẹ̀ wò, ó sì rí i pé ó ti joro, àti pé àwọn ohun àjèjì ti dì jọ sí inú rẹ̀. Láti ara dókítà yìí ni àrùn náà ti gba orúkọ. Ó ní irú mìíràn pẹ̀lú, gẹ́gẹ́ bí èyí tí ń wá nígbà tí ẹ̀jẹ̀ kò bá dé ọpọlọ bí ó ti yẹ.

Kí ẹnikẹ́ni máṣe wí pé àrùn òyìnbó ni. Láti ọdún 1992, Ọ̀jọ̀gbọ́n Ọ̀ṣúntòkun àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ṣe ìwádìí láàrin àwọn àgbà tí ó ti pé ọdún 65 ní Ìbàdàn, àti láàrin àwọn ènìyàn dúdú ní ìlú Indianapolis ní Amẹ́ríkà. Ní ọdún 2001 a tẹ èso iṣẹ́ náà jáde: nínú 1,000 àgbà, nǹkan bí 25 ni àrùn Alzheimer ń mú lọ́dọọdún ní Indianapolis, ṣùgbọ́n ní Ìbàdàn wọn kò tó 12. Ó dín níhìn-ín, ṣùgbọ́n ó wà níhìn-ín.

Nítorí náà, nígbà tí ìyá arúgbó bá ń dá sọ̀rọ̀ lóru, tí ó ń pe orúkọ àwọn òkú, tàbí tí ó jẹ́wọ́ ohun tí kò ṣe rí, ẹ máṣe gba ẹni tí yóò wí fún yín pé àjẹ́ ni. Ọpọlọ tí ń ṣàìsàn ni ó ń sọ̀rọ̀. Ẹni tí ó bá sọ òkò lu irú ìyá bẹ́ẹ̀, aláìsàn ni ó sọ òkò lù.

Ohun tí ojú wa rí

Àwa pẹ̀lú ní ohun kan láti jẹ́wọ́. Ìyá kan wà nínú ìjọ tí a ti sìn rí, ó ti lé ní ọgọ́rin ọdún, ó sì ti ń ṣarán díẹ̀díẹ̀. Lójijì ni ó bẹ̀rẹ̀ sí jà. Ó ń da oúnjẹ nù, ó ń bu ọmọ rẹ̀ jẹ. Ọmọ náà, ẹni tí kò sùn fún ọ̀pọ̀ òru, ra hóró oògùn lọ́wọ́ ẹnì kan láìsí ìwé dókítà. Nígbà tí a lọ bẹ̀ wọ́n wò, a bá ìyá lórí àga, ó dákẹ́ rọ́rọ́, itọ́ ń ṣàn ní ẹnu rẹ̀. A dúpẹ́. A wí fún ọmọ náà pé ó ṣeun. Ní ọ̀sẹ̀ kejì, ìyá fẹ́ dìde lọ tọ̀, ó ṣubú, egungun ìbàdí rẹ̀ sì ṣẹ́.

Nọ́ọ̀sì kan tí ó jẹ́ ọmọ ìjọ ni ó wá wo ẹnu rẹ̀, tí ó rí eyín kan tí ó ti jẹrà, tí èrìgì rẹ̀ wú. Ó fọwọ́ kan ikùn rẹ̀, ó le gbandi, nítorí kò rí ìgbẹ́ yà fún ọjọ́ púpọ̀. Eyín àti inú ni ìyá ń fi ìjà rẹ̀ sọ, a sì fi oògùn dí i lẹ́nu. Láti ọjọ́ náà ni a ti pinnu láti wádìí ọ̀ràn yìí.

Ohun tí a ní láti wá kí a tó wá oògùn

Ohun tí ó wà lẹ́yìn ẹ̀fà, ó ju èje lọ. Bí ìjà bá dé lójijì, láàrin ọjọ́ díẹ̀, ẹ mọ̀ pé ohun kan ti ṣẹlẹ̀ nínú ara. Ó lè jẹ́ ibà, tàbí àrùn ilé-ìtọ̀, tàbí àrùn ẹ̀dọ̀fóró. Ó lè jẹ́ òùngbẹ, tàbí ìtọ̀ tí ó há, tàbí oògùn tuntun tí a fi kún ti àtẹ̀yìnwá. Irú ẹni bẹ́ẹ̀ kò gbọdọ̀ pẹ́ nílé. Kí a gbé e lọ sí ilé ìwòsàn.

Bí kò bá sì dé lójijì, ẹ wá ibi tí ó ń dùn ún: oríkèé, ẹsẹ̀, eyín, ojú egbò. Ní ilẹ̀ Norway, ní ọdún 2011, àwọn dókítà tẹ ìwádìí kan jáde lórí àgbà 352 tí ń ṣarán, tí ọkàn wọn kò sì balẹ̀. Wọ́n fún apá kan nínú wọn ní oògùn ìrora ní àtẹ̀lé-ìtẹ̀lé fún ọ̀sẹ̀ mẹ́jọ; ohun tí púpọ̀ jù lọ nínú wọn gbà kò ju paracetamol lásán. Ìdààmú àwọn wọ̀nyí dínkù ní nǹkan bí ìdá 17 nínú 100. Kì í ṣe oògùn oorun ni wọ́n fi mú wọn balẹ̀. Ìrora ni wọ́n mú kúrò.

Lẹ́yìn ara, ẹ wo ilé. Ṣé etí rẹ̀ ń gbọ́? Ṣé òkùnkùn kò bo yàrá rẹ̀ ní ìrọ̀lẹ́, tí òjìji fi ń dẹ́rù bà á? Ṣé ọkùnrin ni ẹ fi ń wẹ ìyá tí kò tú ara rẹ̀ sílẹ̀ lójú ọkùnrin rí? Ẹ má bá a jiyàn. Bí ó bá ní òun ń lọ sí ilé bàbá òun tí ó ti kú, ẹ bá a rìn yí àgbàlá ká, kí ẹ sì bi í bí ilé náà ti rí. Orin ìgbà èwe rẹ̀ a máa tù ú lára púpọ̀.

Ibi tí oògùn dúró

Àwọn oògùn tí a sábà ń lò láti mú wọn dákẹ́ kì í ṣe èyí tí a ṣe fún ṣíṣarán. A kọ́kọ́ lo chlorpromazine fún wèrè ní ilẹ̀ Faransé ní ọdún 1952. Haloperidol tẹ̀lé e láti ilẹ̀ Belgium ní ọdún 1958. Wọ́n ṣe ọ̀pọ̀ wèrè ní oore, a kò sì tàbùkù wọn. Ṣùgbọ́n ní ọdún 2005, ìjọba Amẹ́ríkà kìlọ̀ nípa àwọn oògùn tuntun irú èyí, àwọn bíi risperidone àti olanzapine. Nínú ìdánwò 17 tí a ṣe fún àwọn àgbà tí ń ṣarán, láàrin nǹkan bí ọ̀sẹ̀ mẹ́wàá, nǹkan bí 45 nínú 1,000 àwọn tí ó lò wọ́n ni ó kú, nígbà tí nǹkan bí 26 kú nínú 1,000 àwọn tí kò lò wọ́n. Ní ọdún 2008 a na ìkìlọ̀ náà dé orí àwọn ti àtijọ́ pẹ̀lú. Ọkàn tí ó dáṣẹ́ sílẹ̀ àti àrùn ẹ̀dọ̀fóró ni ó pa púpọ̀ nínú wọn. Bí ó bá sì jẹ́ irú ṣíṣarán tí a ń pè ní ti Lewy, nínú èyí tí aláìsàn ń rí ìran, tí ara rẹ̀ sì ń le bí igi, ìwọ̀n díẹ̀ nínú oògùn wọ̀nyí lè dá a wólẹ̀ pátápátá.

Oògùn oorun bíi diazepam a máa mú wọn ṣubú, a sì tún da iyè wọn rú sí i. Bẹ́ẹ̀ ni chlorpheniramine, tí ọ̀pọ̀ ilé mọ̀ sí Piriton, tí a sì ń fún àgbà kí ó lè sùn. Ẹ ṣọ́ra pẹ̀lú fún àgbo asofẹ́yẹjẹ. Agbára tòótọ́ wà nínú gbòǹgbò igi náà, àwọn baba wa sì mọ̀ ọ́n fún wèrè. Ṣùgbọ́n a máa fa ìfúnpá ẹ̀jẹ̀ wálẹ̀, kò sì sí ẹni tí ó lè wọn iye tí ó wà nínú ife kan. Ní ọdún 2023 ìjọba Amẹ́ríkà fọwọ́ sí brexpiprazole, èyí tí ó jẹ́ àkọ́kọ́ tí a gbà níbẹ̀ fún ìdààmú àwọn tí ó ní àrùn Alzheimer. Ìrànlọ́wọ́ rẹ̀ mọ níwọ̀n, ìkìlọ̀ ikú kan náà ni ó sì gbé lọ́wọ́.

Ǹjẹ́ a kò ha gbọdọ̀ lo oògùn rárá bí? A kò wí bẹ́ẹ̀. Ìgbà a máa wà tí àgbà fẹ́ ṣe ara rẹ̀ tàbí ẹlòmíràn léṣe, tàbí tí ẹ̀rù tí ń bà á pọ̀ ju ohun tí ara lè gbà lọ, tí a sì ti wá gbogbo ìdí tí a ti sọ. Nígbà náà kí dókítà fún un, ní ìwọ̀n tí ó kéré jù lọ. Kí ọmọ bi dókítà ní ìbéèrè mẹ́rin: Kí ni a ń fi oògùn yìí wò? Báwo ni a ó ṣe mọ̀ pé ó ṣe rere? Àmì ewu wo ni kí a máa ṣọ́? Ọjọ́ wo ni a ó padà wá kí ẹ lè dín in kù tàbí dá a dúró? Ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ìlànà ni pé kí a tún irú aláìsàn bẹ́ẹ̀ yẹ̀ wò, ó kéré tán, ní ọ̀sẹ̀ mẹ́fà-mẹ́fà. Ẹ máṣe fi ọwọ́ ara yín dá oògùn náà dúró lójijì.

Ọ̀rọ̀ ìparí

Bí òkété bá dàgbà tán, ọmú ọmọ rẹ̀ ni í mu. Ṣùgbọ́n ọmọ tí kò sùn fún oṣù mẹ́ta kò ní ọmú tí yóò fún ẹnikẹ́ni mu. Kì í ṣe ìkà ni ó mú ọmọbìnrin tí a sọ ìtàn rẹ̀ ra oògùn; àárẹ̀ ni, àwa tí a jẹ́ ìjọ rẹ̀ sì fi í sílẹ̀ nínú àárẹ̀ náà. Bí obìnrin méjì nínú ẹgbẹ́ bá gba òru kan lọ́wọ́ rẹ̀ ní ọ̀sẹ̀ kọ̀ọ̀kan, bóyá kì bá ti dé ọ̀dọ̀ olóògùn. Ẹ wo àyíká yín ní ọ̀sẹ̀ yìí. Ibi tí ẹ bá gbọ́ pé arúgbó ti dákẹ́ lójijì, ẹ má kàn dúpẹ́ bí a ti ṣe. Ẹ wọlé, kí ẹ sì bèèrè ohun tí ó mú un dákẹ́.