Owó ìfẹ̀yìntì tó pẹ́ lọ́nà: Òṣìṣẹ́ ló ni èlé orí rẹ̀

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní ogún ọdún ń bọ̀ wá ku ọ̀la. Òṣìṣẹ́ tó ti fẹ̀yìn tì mọ ìtumọ̀ ọ̀rọ̀ yìí dáadáa. Bó bá jẹ́ erékùṣù Gberefu ló ń gbé, ọkọ̀ ojú omi ni yóò fi sọdá ọ̀sà sí Àgbádárìgì kó tó lè lọ béèrè owó rẹ̀. Owó ọkọ̀ ti wọlé lọ nìyẹn, yálà ó bá tirẹ̀ tàbí kò bá a. Nítorí náà, ó yẹ kó mọ ohun tó ń lọ béèrè kó tó gbéra, pàápàá lórí èlé, tó máa ń dá àríyànjiyàn sílẹ̀.

Ọ̀rọ̀ náà ti pẹ́ nílẹ̀. Ọdún 1961 ni ìjọba dá National Provident Fund (NPF) sílẹ̀ fún àwọn òṣìṣẹ́ ilé iṣẹ́ aládàáni. Òṣìṣẹ́ ń dá owó, ọ̀gá rẹ̀ náà ń dá. Ní ọdún 1993, NSITF rọ́pò rẹ̀. Àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba kò sí nínú èyí. Àpò ìjọba ni gírátúítì àti pẹ́ńṣọ̀n tiwọn ti ń wá.

Òfin ọdún 2004 ló yí i padà. Láti ìgbà náà, òṣìṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ ní àkáùǹtì tirẹ̀. Òfin ọdún 2014 wá sọ pé kí òṣìṣẹ́ máa dá ìdá 8 nínú ọgọ́rùn-ún owó oṣù rẹ̀, kí agbanisíṣẹ́ fi ìdá 10 kún un. Ilé iṣẹ́ tí wọ́n ń pè ní PFA ló ń fi owó náà ṣòwò. Kò sí èlé kan pàtó tí wọ́n ṣèlérí. Èrè tí òwò náà bá mú wá ni wọ́n ń fi kún un.

Ibi tí ìjà ti ń bẹ̀rẹ̀

Owó tí kò tíì wọ àkáùǹtì kò lè bímọ níbẹ̀. Òfin ní kí agbanisíṣẹ́ fi owó náà ránṣẹ́ láàárín ọjọ́ iṣẹ́ 7 lẹ́yìn tó bá san owó oṣù. Bí kò bá ṣe bẹ́ẹ̀, owó ìtanràn rẹ̀ kò gbọdọ̀ dín ní ìdá 2 nínú ọgọ́rùn-ún iye tó kù nílẹ̀, lóṣooṣù.

Ká ní agbanisíṣẹ́ kan jókòó lé ₦500,000 fún ọdún kan. Ìtanràn náà yóò tó ₦10,000 lóṣù, èyí tó jẹ́ ₦120,000 lọ́dún. Òfin sì là á mọ́lẹ̀ pé gbèsè tí agbanisíṣẹ́ jẹ àkáùǹtì òṣìṣẹ́ náà ni.

Owó iṣẹ́ àtijọ́

Tẹni tó ti ń bá ìjọba àpapọ̀ ṣiṣẹ́ kó tó di ọdún 2004 tún yàtọ̀. Ìjọba gbà pé òun jẹ ẹ́ ní owó ọdún tó ti ṣe sẹ́yìn. Ó yẹ kí ìjọba máa fi ìdá 5 nínú ọgọ́rùn-ún gbogbo owó oṣù tó ń san pamọ́ sí báńkì àpapọ̀ fún un. Ṣùgbọ́n nígbà tí owó tí wọ́n yà sọ́tọ̀ kò tó, ọ̀pọ̀ fẹ̀yìn tì, wọ́n sì ń dúró. Ní oṣù kejì ọdún 2025, ìgbìmọ̀ aláṣẹ ìjọba àpapọ̀ fọwọ́ sí yíyá owó ₦758 bílíọ̀nù láti fi san irú gbèsè bẹ́ẹ̀. Ní gbogbo àsìkò tí èèyàn fi ń dúró, owó náà kò pa èrè kankan sínú àkáùǹtì rẹ̀, ọjà sì ń gbówó lórí.

Ohun tó yẹ ní ṣíṣe

Kí òṣìṣẹ́ fẹ̀yìntì kó ìwé owó oṣù rẹ̀ jọ, kó gba àkọsílẹ̀ àkáùǹtì lọ́dọ̀ PFA, kó sì fi wọ́n wé ara wọn lóṣooṣù. Oṣù tí wọ́n yọ owó lọ́wọ́ rẹ̀ tí kò sì hàn nínú àkáùǹtì ni kó sàmì sí. Kó kọ̀wé sí agbanisíṣẹ́, kó fi ẹ̀dà kan pamọ́. Bí wọn kò bá dáhùn, kó kọ̀wé sí àjọ PenCom. Ẹni tó ṣiṣẹ́ fún ìpínlẹ̀ Èkó, tó ní òfin tirẹ̀ láti ọdún 2007, LASPEC ni kó lọ bá. Bí gbogbo rẹ̀ bá kùnà, ìwé òfin orílẹ̀-èdè yìí fún ilé ẹjọ́ National Industrial Court láṣẹ láti gbọ́ ẹjọ́ owó ìfẹ̀yìntì.

Lọ́jọ́ tó bá tún ń sọdá ọ̀sà, kó má lọ lọ́wọ́ òfo. Kó mú ìwé rẹ̀ dání.