Ilé Ìsìn Ńlá ti Yamoussoukro àti Owó Kòkó

Àwọn kan nínú wa a máa rò pé ilé ìsìn tí ó bá ti tóbi ju àwọn yòókù lọ ni a ń pè ní kàtídírà. Kò rí bẹ́ẹ̀. Ọ̀rọ̀ Gíríìkì tí ó túmọ̀ sí àga ni a ti rí orúkọ náà: ilé ìsìn tí àga bíṣọ́ọ̀bù bá wà nínú rẹ̀ ni kàtídírà, ìbáà ṣe ilé pákó. Nítorí náà, ilé Pétérù Mímọ́ ní Róòmù, tí òkìkí rẹ̀ kàn káàkiri ayé, kì í ṣe kàtídírà ìlú Róòmù. Inú ilé Jòhánù Mímọ́ ní Látéránì ni àga Póòpù wà gẹ́gẹ́ bí bíṣọ́ọ̀bù ìlú náà. Básílíkà ni a ń pe ti Pétérù Mímọ́, oyè sì ni èyí.

Àwọn ará Ìjọ Ọ́tódọ́ọ̀sì náà ní àwọn ilé ńláńlá tiwọn. Ní Mọ́síkò, olú-ìlú Rọ́ṣíà, wọ́n kọ́ ilé Kristi Olùgbàlà láti fi dúpẹ́ pé Ọlọ́run gbà wọ́n lọ́wọ́ Napoleon ní 1812. Ní 1839 ni wọ́n fi ìpìlẹ̀ rẹ̀ lélẹ̀, wọ́n sì yà á sí mímọ́ ní 1883. Ní oṣù Kejìlá ọdún 1931, ìjọba Stalin fi ẹ̀tù fọ́ ọ túútúú. Ààfin gíga kan ni wọ́n fẹ́ kọ́ sí ibẹ̀, kò ṣeé ṣe. Nígbà tí ó di 1960, ibẹ̀ di adágún omi tí àwọn ènìyàn ń lúwẹ̀ẹ́ nínú rẹ̀. Ní 2000 ni a ya ilé mìíràn sí mímọ́ lórí ilẹ̀ kan náà, ní àwòrán ti àtijọ́. Ẹni tí ó bá ń jọba kì í lè fi irú ilé bẹ́ẹ̀ sílẹ̀; bí kò bá kọ́ ọ, a wó o.

Ṣùgbọ́n èyí tí mo fẹ́ kí ẹ̀yin àgbẹ̀ fi etí sí jùlọ kò jìnnà sí wa tó bẹ́ẹ̀. Ní ilẹ̀ Côte d'Ivoire, ọkùnrin kan wà tí a ń pè ní Félix Houphouët-Boigny. Oníṣègùn ni, olóyè ni, ó sì ní oko kòkó. Ní 1944, òun àti àwọn àgbẹ̀ ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ dá ẹgbẹ́ sílẹ̀ nítorí ìrẹ́jẹ tí àwọn Faransé ń ṣe sí àgbẹ̀ dúdú. Ní 1946, òfin tí ó mú iṣẹ́ tipá kúrò ní àwọn ilẹ̀ tí Faransé ń ṣàkóso jáde, orúkọ rẹ̀ ni a sì fi ń pe òfin náà. Láti 1960 títí ó fi kú ní 1993, òun ni ààrẹ, ilẹ̀ rẹ̀ sì di èkíní nínú kòkó ní gbogbo ayé.

Yamoussoukro ni ìlú rẹ̀. Ní 1983 ó sọ ọ́ di olú-ìlú. Ní oṣù Kẹjọ ọdún 1985, Póòpù John Paul Kejì súre fún òkúta ìpìlẹ̀ ilé ìsìn tí ó fẹ́ kọ́ síbẹ̀, èyí tí a ń pè ní Básílíkà Ìyá Wa ti Àlàáfíà. Pierre Fakhoury ni ó ya àwòrán ilé náà, ó sì fi ti Pétérù Mímọ́ ṣe àwòkọ́ṣe. Láti ilẹ̀ dé ṣóńṣó àgbélébùú orí rẹ̀ jẹ́ mítà 158, èyí tí í ṣe ẹsẹ̀ bàtà 518. Ti Róòmù kò tó bẹ́ẹ̀. Ẹgbẹ̀rún méje ènìyàn lè jókòó nínú rẹ̀, kí ẹgbẹ̀rún mọ́kànlá sì dúró. Igi ìrókò, tí àwọn baba wa kì í gé láìbẹ̀rù, ni a fi ṣe àwọn àga, afẹ́fẹ́ tútù sì ń fẹ́ láti ara wọn. Ẹni tí ó bá ti kan páànù rí yóò béèrè ibi tí omi òjò ń gbà: inú àwọn òpó kan ni ihò wà tí omi fi ń sọ̀kalẹ̀. Nínú ọ̀kan nínú àwọn fèrèsé gíláàsì aláràbarà rẹ̀, ẹ óò rí ààrẹ fúnra rẹ̀ lọ́dọ̀ Jésù. Èyí kò tẹ́ mi lọ́rùn.

Wọ́n fojú díwọ̀n owó rẹ̀ sí nǹkan bí 300 mílíọ̀nù dọ́là. Ààrẹ wí pé láti inú àpò òun àti ti ẹbí òun ni. Bí ó ti wù kí ó rí, owó kòkó ń jábọ́ ní ọjà ayé ní ọdún wọ̀nyẹn. Ní 1987 ilẹ̀ náà kò lè san gbèsè rẹ̀ mọ́. Ní 1989, ọdún tí ilé náà parí, ìjọba gé owó tí àgbẹ̀ ń gbà lórí kílò kòkó kan láti 400 fránkì sí 200. Ẹ̀yin tí ẹ ti sá kòkó rí mọ ohun tí èyí jẹ́ fún ẹni tí ó ti yáwó sílẹ̀ de ìkórè. Àwọn Àgùdà pàápàá kò tó ìdajì àwọn ará ilẹ̀ náà.

N kò yára dá ọkùnrin náà lẹ́bi. Mo ti ṣe olùkọ́ ní ìjọ oko kan níbi tí owó ìkórè wa kò tó ju ohun kan ṣoṣo lọ: yálà kí a ra agogo, tàbí kí a kọ́ ilé ìgbẹ̀bí kékeré. A yan agogo, èmi náà sì wà lára àwọn tí ó yàn án. Ní ọdún kejì, obìnrin kan nínú ìjọ wa rọbí lójú ọ̀nà ìlú, ọmọ náà kò yè. Agogo yẹn ni a lù fún un.

Póòpù náà rò ó wò. Kí ó tó gbà láti ya básílíkà náà sí mímọ́, ó béèrè pé kí a kọ́ ilé ìwòsàn sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Ní ọjọ́ 10 oṣù Kẹsàn-án ọdún 1990 ó yà á sí mímọ́, ó sì fi òkúta ìpìlẹ̀ ilé ìwòsàn lélẹ̀. Òkúta náà wà níbẹ̀. Ààrẹ kú, a ṣe ìsìn òkú rẹ̀ nínú básílíkà. Ogun abẹ́lé bẹ́ sílẹ̀ ní 2002. Ọdún 2015 ni ilé ìwòsàn náà tó ṣí ìlẹ̀kùn rẹ̀ fún àwọn aláìsàn.