Ìmúra 20 ìṣẹ́jú ń gba ọ̀dọ́ agbábọ́ọ̀lù lọ́wọ́ ìfarapa

Orúnkún àti ọrùn ẹsẹ̀ ni ọ̀dọ́ agbábọ́ọ̀lù ti sábà máa ń fara pa. Ìwádìí tó jáde lọ́dún 2014 lórí ọ̀dọ́mọkùnrin 416 nílùú Èkó fi hàn pé ètò ìmúra FIFA 11+ dín ìfarapa kù ní ìdá 41 nínú ọgọ́rùn-ún.

Ètò náà, tí wọ́n ń ṣe kí eré tó bẹ̀rẹ̀, kò gba owó: eré sísá wọ́ọ́rọ́wọ́, ìdúró lórí ẹsẹ̀ kan, àti fífò láìjẹ́ kí orúnkún tẹ̀ wọnú. Akọ́nimọ̀ọ́gbá tó bá ní kò sí àyè, ẹ bi í léèrè iye ọ̀sẹ̀ tí ẹsẹ̀ rírọ́ ń gbà.

Ọmọ tí kò bá lè fi ẹsẹ̀ tẹlẹ̀, ẹ gbé e lọ sọ́dọ̀ dókítà kí ẹnikẹ́ni tó fà á.