Bí Kámẹ́rà Ṣe Di Ẹlẹ́rìí

Nígbà tí Túndé Kèlání gbé fíìmù Ṣaworoidẹ jáde ní 1999, tí Akínwùmí Ìṣọ̀lá kọ ìtàn rẹ̀, ta ni kò mọ̀ pé ọ̀rọ̀ náà kọjá ìlú Jogbo? Ọba Lápité ń gbowó lọ́wọ́ àwọn agégẹdú, ará ìlú ń jìyà. Ṣùgbọ́n kò sí Lápité kankan láyé, aláṣẹ tí òwe náà bá sì bá wí lè jókòó kó bá wa rẹ́rìn-ín. Dọkumẹ́ńtárì kò fún un láyè bẹ́ẹ̀: orúkọ rẹ̀ ni yóò pè, ojú rẹ̀ ni yóò fi hàn. Ẹni tó ń pàtẹ ní ọjà Akẹ̀sán nílùú Ọ̀yọ́, tí kò ráyè ka ìwé ìwádìí, yóò rí i lórí fóònù.

Gánà ni agbára yìí ti hàn jù. Ní oṣù kẹsàn-án 2015, Anas Aremeyaw Anas, oníròyìn tó máa ń fi ìlẹ̀kẹ̀ bojú, ṣàfihàn fíìmù kan ní Accra nípa àwọn adájọ́ tó ń gba àbẹ̀tẹ́lẹ̀. Adájọ́ 34 lọ̀rọ̀ kàn. Kí ọdún tó parí, wọ́n ti lé 20 lẹ́nu iṣẹ́. Kámẹ́rà là ń yìn fún un, àmọ́ lójú tèmi, ìdajì ìyìn náà ni tirẹ̀. Anas kọ̀wé ẹ̀sùn sí Ààrẹ àti adájọ́ àgbà, òfin sì ti la ọ̀nà tí wọn yóò gbà yẹ̀ ẹ́ wò. Ṣùgbọ́n ẹ wo Kano. Ní oṣù kẹwàá 2018, ìwé ìròyìn Daily Nigerian gbé fídíò jáde, wọ́n ní Gómìnà Abdullahi Ganduje ló ń ki dọ́là bọ agbádá. Gómìnà ní ayédèrú ni. Ilé aṣòfin gbé ìgbìmọ̀ dìde, kóòtù ní kí wọ́n dáwọ́ dúró, gómìnà sì tún wọlé ní 2019.

Àwọn kan ní ìdẹkùn ni irú iṣẹ́ yìí. Wọn ò jẹ̀bi tán. Àwọn oníròyìn Anas tó ṣe bí oníṣòwò ló fún Kwesi Nyantakyi, olórí bọ́ọ̀lù Gánà, lówó. FIFA lé e títí ayé ní 2018, ilé-ẹjọ́ eré ìdárayá sì dín in kù sí ọdún 15. Kò sẹ́ni tó ki owó náà sí i lọ́wọ́ tipátipá, síbẹ̀ ìdínkù yẹn fi hàn pé ẹlẹ́rìí ni fíìmù, kì í ṣe adájọ́. Ewu tún wà ńbẹ̀: ní oṣù kìíní 2019, wọ́n yìnbọn pa Ahmed Hussein-Suale, alábàáṣiṣẹ́ Anas. Ìdí nìyí tí mo fi fara mọ́ kámẹ́rà tí kò fara pamọ́, níbi tí ìwé bá ti tó. Bí àpẹẹrẹ, iná jó ọjà Akẹ̀sán ní oṣù kìíní 2020, ìjọba ìpínlẹ̀ sì tún un kọ́. N kò fẹ̀sùn kan ẹnikẹ́ni o. Ẹni tó bá fẹ́ ṣe fíìmù nípa owó àtúnkọ́ náà lè fi òfin òmìnira ìròyìn Nàìjíríà ti 2011 béèrè ìwé àdéhùn iṣẹ́ náà, tí òfin ní kí wọ́n fèsì sí láàárín ọjọ́ méje, kó wá gbé ìwé náà lọ bá àwọn ìyálọ́jà, kí wọ́n fojú ara wọn wo ohun tí wọ́n kọ àti ohun tó wà nílẹ̀. Ní 2025, ilé-ẹjọ́ tó ga jùlọ ti sọ pé òfin náà de àwọn ìpínlẹ̀ pẹ̀lú.